Ìdí Tí Ẹ̀rọ Ohùn Rẹ Kò Fi Ní Padà Sọ́dọ̀ Rẹ

Ọmọbìnrin mi ọ̀wọ́n,

Ara ńkọ́? Iṣẹ́ ńkọ́? Ilé tí o háyà ńkọ́, ṣé òrùlé rẹ̀ ti yéé jò? Àwa tó wà nílé dúró, a kò dùbúlẹ̀, ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run. Mo gbàdúrà pé kí ẹsẹ̀ tí o fi jáde nílé yìí má ṣì ọ́ lọ́nà, kí ẹni tó bá ń wá ọ̀nà láti rẹ́ ọ jẹ sùn gbàgbé, kí onílé rẹ máa rẹ́rìn-ín sí ọ lópin oṣù. Àmín.

Dírẹ́bà tí o ní kó wá gbé ẹ̀rọ rẹ dé láàárọ̀ àná, ọwọ́ òfo ló sì bá lọ. Má bínú sí i, èmi ni mo ní kó máa lọ. Ó ní kí n gbé ẹ̀rọ náà fún òun, mo ní n kò ní í gbé e. Ó ní ti ọmọ yín ni, mo ní ọmọ náà gan-an, tèmi ni. Ó bá lọ ṣí ilẹ̀kùn mọ́tò rẹ̀. Kó tó lọ ó sọ fún mi pé iṣẹ́ ńlá kan ń dúró de ẹ̀rọ náà, pé àwọn kan fẹ́ kí o fi ohùn irin yẹn polówó ọṣẹ ìfọyín. Ọṣẹ ìfọyín, ọmọ mi. Ta ló ń fọ eyín fún irin? Ṣùgbọ́n fara balẹ̀ kà á dé ìsàlẹ̀, nítorí ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rọ nìkan, ọ̀rọ̀ ìyá rẹ ni.

Ọ̀fìnkìn tí a sọ fún ọ pé ó mú ìyá rẹ kì í ṣe ọ̀fìnkìn. Gbogbo ìgbà tí o pè tí mo ní ó ń wẹ̀, kò wẹ̀. Èmi náà mọ̀ pé kò sí ìyá tó ń wẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, mo sì ń retí pé ọmọ tó kàwé á fura, ṣùgbọ́n ohun tí o máa ń sọ ni pé kí n bá ọ kí i tó bá jáde. Nǹkan kan ló hù sí i lọ́fun. Dókítà ọ̀fun tó wà ní ilé ìwòsàn ńlá fi iná tíńtín wò ó, ó ní nǹkan náà ti gun orí okùn tó ń gbé ohùn jáde, pé òun máa yọ ọ́, pé bí òun kò bá yọ ọ́ ó máa dí ọ̀nà èémí pa. Ó ní bí òun bá yọ ọ́, ìyá rẹ á yè, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ kò ní padà. Èémí lásán ni yóò máa jáde, bíi ti ẹni tó ń sọ̀rọ̀ ẹlòmíràn lẹ́yìn rẹ̀.

Ìyá rẹ ní kí dókítà fi ọ̀bẹ rẹ̀ pamọ́. Kò fi ẹnu sọ ọ́, nítorí nígbà náà ohùn ọ̀hún ti fẹ́rẹ̀ẹ́ lọ tán. Ó mú ṣọ́ọ̀kì tó fi ń sàmì sí aṣọ, ó sì kọ ọ́ sórí tábìlì tó ti ń géṣọ, gàdàgbà, pé ohùn ni òun fi tọ́ ọmọ, ohùn ni òun fi kọ́ ọmọṣẹ́, ohùn ni òun sì fi ń gba owó aṣọ lọ́wọ́ àwọn oníbàárà tó ń yọ́ kọjá lẹ́yìn ilé. Ó ní aránṣọ tí kò lè pariwo, ẹ̀bùn ló ń rán. Kí n jẹ́ kí òun lọ bí òun ṣe wà. Mo bẹ̀ ẹ́. Àǹtí rẹ tó jẹ́ nọ́ọ̀sì wá, òun náà bẹ̀ ẹ́, ó kúnlẹ̀, ó sunkún. Ìyá rẹ fi ọwọ́ nu ṣọ́ọ̀kì kúrò, ó tẹ́ aṣọ síbẹ̀, ó ń gé apá aṣọ ẹni ẹlẹ́ni bí ẹni tí kò sí nínú ọ̀rọ̀.

Bí ilé ṣe wà nìyẹn nígbà tí orin rẹ dé.

Jẹ́ kí n sọ òótọ́ orin náà fún ọ, nítorí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ níbẹ̀ kò ní sọ ọ́. Mo gbé fóònù mi lọ sọ́dọ̀ onígbàjámọ̀ tó wà lójú títì, mo ní kó fi sípíkà ńlá rẹ̀ gbé orin ọmọ mi jáde, kí gbogbo àwọn tó ń dúró de àga lè gbọ́. Mo ti jókòó, ó ti fi ọṣẹ kùn mí lágbọ̀n, àyà mi ga. Ìlù ló kọ́kọ́ wọlé, ó ń dún bí ẹni tó ń kan ìṣó nínú ilé kẹta. Lẹ́yìn ìyẹn ni nǹkan kan lahùn. N kò mọ ohun tí mo lè fi í wé, àfi bí oyin bá kó sínú ìgò, tí ìgò náà wá ń kàwé sókè. Ọkùnrin kan tí wọ́n ti fá orí rẹ̀ dé àárín dìde fùú, ó ní sípíkà ń jóná. Onígbàjámọ̀ gbá sípíkà lẹ́ẹ̀mejì. Ohùn náà kò dákẹ́, ó ń sọ pé òun wà níbí, òun wà níbí, ó sọ ọ́ títí tó fi sú ìlù. A mọ̀ pé o wà níbẹ̀, ọmọ mi, àwa náà la sin ọ́ dé ibùdókọ̀. Wọ́n wá bi mí pé èwo lọmọ mi nínú rẹ̀, ṣé ìlù ni àbí oyin. Mo ní kí onígbàjámọ̀ fá àgbọ̀n mi tán kí n máa lọ.

Mo rò pé àìsàn ìyá rẹ ló ti ràn ọ́, ìdí nìyẹn tí mo fi fi oyin àti àtalẹ̀ ránṣẹ́ sí ọ. O wá fi ohùn ránṣẹ́ padà sórí fóònù, o ń rẹ́rìn-ín, o ní ara rẹ le, ẹ̀rọ kan tó ń jẹ́ vókódà ni. O ní bí o bá ń sọ̀rọ̀ sí máìkì, ẹ̀rọ náà á la ọ̀rọ̀ rẹ sí tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́, láti ibi tó nípọn dé ibi tó tín-ín-rín, á wo ibi tó ti le àti ibi tó ti rọ̀, á sì fi gbogbo rẹ̀ wọ ohùn dùùrù bí ẹ̀wù, tí dùùrù á wá máa sọ̀rọ̀. O ní ẹnu tìrẹ ni, ohùn ti dùùrù ni. Mo gbọ́ ọ, mo tún un gbọ́. Káfíńtà ni mí, mo mọ ohun tó ń jẹ́ kí a la nǹkan sí tẹ́ẹ́rẹ́. Bí mo bá la pákó, ìyẹ̀fun rẹ̀ máa ń wà nílẹ̀. Ohùn tìrẹ gan-an wá ńkọ́, èyí tí wọn kò lò? Níbo ló ń bọ́ sí? Bí ó bá wà nílẹ̀ nínú sitúdíò yín, jọ̀wọ́ ṣa á jọ, má jẹ́ kí àwọn tó ń gbálẹ̀ dà á nù mọ́ pàǹtí, nítorí èmi ni mo san owó ilé-ẹ̀kọ́ ohùn náà.

Fóònù tí o rà fún mi náà tún kọ ọ́ sójú ara rẹ̀ pé àyè ti tán nínú òun. Mo ṣí ẹ̀yìn rẹ̀ wò, n kò rí nǹkan kan níbẹ̀ ju bátìrì lọ. Mo dojú rẹ̀ dé lórí àga di ọjọ́ kejì bóyá yóò dà á sílẹ̀ fúnra rẹ̀, kò dà á. Àwọn tó mọ̀ ọ́n ní àwọn ọ̀rọ̀ gígùn tí o ń fi ránṣẹ́ ló kún un. Ohùn rẹ kún inú fóònù mi, kò wá kún inú orin rẹ.

Lẹ́nu iṣẹ́ tiwa, igi tó bá dára, dídán là ń dán an kí ojú rẹ̀ lè hàn. Èyí tí kòkòrò bá ti jẹ là ń kùn ní ọ̀dà. Ìwọ tí ohùn rẹ dára, tí o bá ń kọrin níbi ìfọṣọ tẹ́lẹ̀ tí àwọn ará ilé kejì á yí ohùn rédíò wọn wálẹ̀, o wá lọ ra ọ̀dà irin, o kun ara rẹ látòkè délẹ̀. Mo tilẹ̀ kà á nínú ìwé ìròyìn àtijọ́ kan tí wọ́n fi wé ìṣó fún mi, pé nígbà ogun àgbáyé kejì, irú ẹ̀rọ yìí wà lára ohun tí àwọn ológun fi ń yí ọ̀rọ̀ wọn padà lórí tẹlifóònù kí ó má bàa yé ọ̀tá. Ìgbà tí mo ka ìyẹn ni mo tó mọ̀ pé ẹ̀rọ náà ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Ohun tí n kò tíì mọ̀ ni pé nínú gbogbo àwa tó wà ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ lọ́jọ́ yẹn, ta ni ọ̀tá rẹ?

Ẹ̀rọ náà wá wà nínú yàrá rẹ látìgbà tí o ti wá kẹ́yìn, tí o ti fi í kọ orin náà tán, tí o ní ẹrù pọ̀ jù, tí o ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án. A kò fọwọ́ kàn án. Ìyá rẹ fi aṣọ tó ṣẹ́kù lára aṣọ oníbàárà bò ó. Nítorí ọrùn máìkì gígùn tó tẹ̀ kọdọrọ yẹn, tó máa ń dojú kọ ènìyàn bí ẹni fẹ́ bèèrè ọ̀rọ̀, a kì í sọ ọ̀rọ̀ ilé níwájú rẹ̀. Bí ọ̀rọ̀ ẹbí bá dé, a máa ń jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ṣùgbọ́n mo máa ń bi ara mi léèrè pé nígbà tí wáyà rẹ̀ kò sí lára ògiri, ṣé etí rẹ̀ ṣì ń ṣiṣẹ́? N kò bi ẹnikẹ́ni. Ọ̀pọ̀ nǹkan ni a ń bẹ̀rù láyé yìí tó jẹ́ pé bí a bá bèèrè, ẹ̀rù náà á tán, ojú á sì tì wá.

Nígbà tí a gbọ́ pé dírẹ́bà ń bọ̀, mo ní kí n yẹ ẹ̀rọ náà wò, kí o má bàa sọ pé a bà á jẹ́ mọ́ ọ lọ́wọ́. Mo fi wáyà rẹ̀ sí iná, mo fi ti sípíkà kékeré ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ náà sí i, iná pupa tàn. Mo kí i. Kò dáhùn. Mo tẹ ọ̀kan nínú eyín dùùrù tó wà lára rẹ̀, kò ké. Mo tẹ gbogbo wọn láti òsì dé ọ̀tún bí ẹni tó ń wọn pákó, ó dákẹ́ lọ gbári. Mo gbé ọwọ́ kúrò, mo sún mọ́ máìkì, mo ní ìwọ ẹ̀rọ yìí, èmi ni bàbá ẹni tó ni ọ́. Ó dákẹ́. Mo ní ẹ gbà mí, dùùrù tí kì í ké, máìkì tí kì í gbọ́ràn, ohun tí ọmọ mi torí rẹ̀ kọ iṣẹ́ ọ́fíìsì sílẹ̀ rèé. Mo wá tẹ̀ síwájú láti wo ẹ̀yìn rẹ̀ bóyá ìdè kan ti tú níbẹ̀, mo sì gbé ìgúnpá lé eyín dùùrù láìmọ̀.

Àsìkò yẹn gan-an ni ìyá rẹ wọlé. Ó tẹ̀ sún mọ́ mi, ó fẹ́ sọ̀rọ̀ sí mi létí bó ṣe máa ń ṣe látìgbà tí ohùn rẹ̀ ti lọ, máìkì sì wà láàárín ẹnu rẹ̀ àti etí mi. Èémí lásán ló jáde lẹ́nu rẹ̀. Sípíkà ló lahùn, ó kún yàrá, ó ní:

“Kúrò nídìí nǹkan ọlọ́mọ, kó o wá jẹun.”

Mo nà ró. Mo ní mò ń bọ̀, ẹ má bínú, mà. N kò mọ ẹni tí mo ń dá lóhùn. Ìyá rẹ fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹnu, ojú rẹ̀ tóbi bí ọsàn. Irin ni ohùn náà, n kò ní í purọ́ fún ọ, kò jọ tirẹ̀ níbì kankan. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tó gbà sọ “kó o wá jẹun” yẹn, bíi ti ẹni tó ti pè ẹ́ lẹ́ẹ̀kan tí kò sì ní í pè ẹ́ lẹ́ẹ̀kejì, ìyá rẹ ni. Kò sí ẹ̀dá mìíràn tó ń sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Mo jókòó sórí ibùsùn rẹ.

Kò jẹ́ kí n pẹ́ níbẹ̀. Ó fà mí dìde, ó mú ìgúnpá mi, ó dá a padà sórí eyín dùùrù, nítorí ó ti rí i pé bí a kò bá tẹ eyín, ẹ̀rọ kì í sọ̀rọ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀. Ó sọ ti ilẹ̀kùn ilé ìdáná tó ti ń wọ́lẹ̀ nínú ilé káfíńtà. Ó sọ ti ọmọṣẹ́ rẹ̀ kan tó rò pé ẹni tí kò lè pariwo kò lè ríran. Ó ní mò ń hanrun, ó ní òun ti fẹ́ sọ ọ́ tipẹ́. Bí èmi náà bá la ẹnu láti wí tẹnu mi, ọ̀rọ̀ mi á kó sínú ẹ̀rọ, á di irin, a wá ń fi irin bá ara wa jà, àwọn aládùúgbò dúró sójú fèrèsé, wọ́n rò pé a ti ra tẹlifíṣọ̀n tuntun. Ó yí bọ́tìnnì roboto kan, ohùn rẹ̀ di ti ẹni tó jìn sí kànga. Ó tún un yí, ó di ọ̀pọ̀lọ́. Mo bẹ̀ ẹ́ kó dá a padà sí ti àkọ́kọ́. Mo sì fẹ́ kí o dá mi lóhùn, àwọn tí ohùn wọn wà nínú ẹ̀rọ yẹn, ọmọ ta ni wọ́n? Ṣé ẹ tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ wọn, àbí ẹ kàn ń lò wọ́n bẹ́ẹ̀?

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo lọ bá dókítà ọ̀fun. Mo bi í bóyá ọ̀bẹ rẹ̀ máa kan ètè, ó ní rárá. Mo ní ahọ́n ńkọ́, ó ní kò ní í débẹ̀. Mo ní èémí ńkọ́, ó ní torí èémí gan-an ni òun ṣe fẹ́ gé e. Mo ní ó dáa bẹ́ẹ̀, a ní ẹ̀rọ kan nílé tí kò bèèrè ju ìyẹn lọ. Ó wò mí, ó rọra bi mí bóyá mo ti jẹun láàárọ̀. Mo wá ṣàlàyé fún un bí o ṣe ṣàlàyé fún mi, pé ẹnu ti ènìyàn ni, ohùn ti dùùrù ni. Ó fi gègé rẹ̀ sílẹ̀. Ó ní òun mọ àwọn ẹ̀rọ kékeré kan tí irú àwọn ẹni bẹ́ẹ̀ ń gbé sọ́rùn fi sọ̀rọ̀, ti àwọn olórin yìí ni òun kò gbọ́ rí, ṣùgbọ́n òun kò rí aburú níbẹ̀, kí ìyá kàn ṣáà jẹ́ kí ọgbẹ́ jinná kó tó lò ó, kó má sì fi ipá mí. Mo dúpẹ́. Mo tún bi í bóyá òun gbọ́ orin rẹ rí. Kò gbọ́ ọ. Mo ní kó má yọ ara rẹ̀ lẹ́nu.

Mo gbé ọ̀rọ̀ náà délé bí mo ṣe gbọ́ ọ. Ìyá rẹ kò fi ṣọ́ọ̀kì dá mi lóhùn. Ó dìde, ó lọ sí yàrá rẹ, ó fi orí pè mí pé kí n bọ̀, mo lọ tẹ eyín dùùrù. Ó fa ọrùn máìkì mọ́ ẹnu. Irin náà ń retí, èmi náà ń retí.

“Bó bá rí bẹ́ẹ̀,” ó ní, “kí wọ́n gé e.”

Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀ ni wọ́n ní ká wá. O ti wá rí ìdí tí dírẹ́bà rẹ fi lọ lọ́wọ́ òfo. Bí ìyá rẹ bá padà délé, tí ọgbẹ́ rẹ̀ jinná, tí kò bá ẹ̀rọ yẹn níbẹ̀, ojú wo la ó fi wò ó? Sọ fún àwọn ọlọ́ṣẹ ìfọyín pé ohùn tí wọ́n ń wá ti ní olówó. Bí wọ́n bá fi dandan lé e, fi èyí tí Ọlọ́run fún ọ kọrin ọṣẹ wọn, ká wò ó bóyá eyín àwọn ènìyàn máa kọ̀ láti mọ́.

Má sì rò pé mo ti gba orin rẹ. N kò gbà á. Ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ dá tó mú ọ̀pá, a kì í bú u. Ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ pé, tó ń fi ọ̀pá tiro kiri kí wọ́n lè pàtẹ́wọ́ fún un, a ní láti bi í léèrè. Ìyá rẹ ní kí n pa ìyẹn rẹ́. Mo ní bírò kì í parẹ́. Òun ní orin náà kò burú, pé òun náà á fẹ́ kọ irú rẹ̀ bí ara òun bá yá. Mo bi ara mi pé ṣé òun ló ṣì í gbọ́ ni, àbí èmi. N kò tíì rí ìdáhùn, n kò sì tíì sọ fún un pé mò ń wá a.

Wàyí o, a nílò owó ọkọ̀ àti owó ibùsùn ilé ìwòsàn, fi èyí tí ọwọ́ rẹ bá ká ránṣẹ́, àǹtí rẹ ti ní òun á ṣe ìyókù. Fi wáyà tó gùn kún un, nítorí ti ẹ̀rọ yìí kò dé ibi tábìlì ìgéṣọ. Bí bátìrì ńlá bá wà tí ẹ̀rọ náà lè fi mí, rà á, nítorí iná ibí yìí kì í jẹ́ kí ènìyàn parí ọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ kan ìyá rẹ ti sọ dé “ìwọ ọkùnrin yìí, o” kí iná tó lọ. Mo jókòó sínú òkùnkùn di ìgbà tí wọ́n tan án padà, n kò mọ ohun tí mo jẹ́. Nígbà tí iná máa dé, ó ní òun ti gbàgbé.

Ó ku ohun kan, òun ló ní kí n kọ ọ́. Èmi ni mò ń tẹ eyín dùùrù fún un, nítorí aṣọ wà lọ́wọ́ rẹ̀ kan, abẹ́rẹ́ wà nínú èkejì. Ó wá bi mí pé bí a bá ń jà ńkọ́. Ó ní látìgbà tí òun ti fẹ́ mi ni mo ti ń wá bí mo ṣe máa pa òun lẹ́nu mọ́, mo wá ti rí i wàyí, ìka kan péré ni mo ní láti gbé. Ó ní kí o wá èyí tí wọ́n ń fẹsẹ̀ tẹ̀ fún òun, kí òun fi ẹsẹ̀ ara òun gbé ohùn ara òun jáde nígbà tó bá wu òun. Mo fọwọ́ sáyà, mo ṣèlérí fún un lójú Ọlọ́run pé n kò ní í gbé ìka mi kúrò, bó ti wù kí ọ̀rọ̀ náà gún mi lára tó. Ó fi eyín já òwú.

Ó ní kí o rà á síbẹ̀síbẹ̀.

Kí Ọlọ́run tó fún ọ lẹ́nu má jẹ́ kí o rí ọ̀rọ̀ tí yóò há ọ lọ́fun. Bí o bá pe ènìyàn lẹ́ẹ̀kan, kí ó jẹ́ ọ. Kí ọ̀nà rẹ là, kí mọ́tò tí yóò gbé ọ wá kí ìyá rẹ má bàjẹ́ lójú ọ̀nà.

Èmi ni,
Bàbá rẹ.